Àga Tó Ṣófo: Ohun tí Àìsí Ẹnìkan Ń Ṣe Láàrin Ìjọ

Ní ọjọ́ àjọ oṣù titun, Sọ́ọ̀lù ọba jókòó sórí ìjókòó rẹ̀ lẹ́bàá ògiri gẹ́gẹ́ bí ìṣe rẹ̀. Ábínérì jókòó ní ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, Jónátánì sì wà níbẹ̀ pẹ̀lú. Àyè kan ṣoṣo ni kò ní ènìyàn, àyè Dáfídì. 1 Sámúẹ́lì 20 jẹ́ kí a mọ̀ pé ọba kò sọ ohunkóhun ní ọjọ́ àkọ́kọ́. Ṣùgbọ́n pé kò sọ̀rọ̀ kò wí pé kò ronú. Ó ti dá ara rẹ̀ lóhùn kí ó tó béèrè lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni: ó rò pé nǹkan kan ló ti sọ Dáfídì di aláìmọ́. Ọjọ́ kejì ni ó tó béèrè ibi tí ọmọ Jésè wà.

Ọ̀pọ̀ ọdún ni mo fi wàásù láti inú orí yìí lórí májẹ̀mú ọ̀rẹ́ tó wà láàrin Jónátánì àti Dáfídì, tí n kò sì fi ojú sí àga náà rí. Àga náà ni mo fẹ́ kí a wò lónìí. Ohun tí mo fẹ́ ṣàlàyé fún ẹ̀yin tí ẹ ń múra fún iṣẹ́ òjíṣẹ́, àti fún ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ mi tí ẹ ti wà lẹ́nu rẹ̀, ni pé àga tó ṣófo nínú ìjọ kì í ṣófo pẹ́. Bí ẹni tó ni ín kò bá sí níbẹ̀, ìtàn kan yóò wá jókòó síbẹ̀. Àwọn tó kù ni yóò hun ìtàn náà, wọn yóò gbà á gbọ́, wọn yóò sì máa hùwà gẹ́gẹ́ bí ìtàn náà ti rí. Bí òtítọ́ àti ìfẹ́ kò bá tètè dé ibẹ̀, ìfura ni yóò gba àyè náà.

Ẹ kíyè sí ohun kan sí i nípa Sọ́ọ̀lù. Ẹni tó ń béèrè ibi tí Dáfídì wà yìí náà ni ó ju ọ̀kọ̀ sí i ní orí 19. Nígbà mìíràn, ẹni tó wà ní ipò ọlá nídìí oúnjẹ gan-an ló mọ ìdí tí àga fi ṣófo. Nítorí náà, pé olórí béèrè ẹni kò tó nǹkan. A lè béèrè ẹni kí a lè rí i pa.

Ìyá kan nínú ìjọ kékeré

Ìyá kan wà nínú ìjọ tí mo kọ́kọ́ ṣe olùṣọ́-àgùntàn rẹ̀. Kò sí oyè kankan lórí rẹ̀. Ó ń kọ́ àwọn ọmọdé ní ilé ẹ̀kọ́ ọjọ́ ìsinmi, kọ́kọ́rọ́ yàrá àwọn ọmọ sì wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ìjọ náà kò ju ènìyàn 60 lọ, kò sí ẹni tí a kò mọ ilé rẹ̀. Ní ọjọ́ Ìsinmi kan, kò wá. Ní ọ̀sẹ̀ kejì, kò wá. Ní ọ̀sẹ̀ kẹta, mo kéde láti orí pẹpẹ pé arábìnrin mìíràn ni yóò máa mójú tó àwọn ọmọ. Mo rò pé iṣẹ́ ló ṣófo, mo sì wá òṣìṣẹ́ sí i.

Ohun tó ṣẹlẹ̀ tẹ̀lé e ni kò yé mi. Màmá àgbàlagbà kan tí kò ríran dáadáa dáwọ́ wíwá dúró. Àwọn obìnrin méjì kan tí wọ́n ti jà rí lórí owó èésú kò kí ara wọn mọ́. Ọmọkùnrin kan tó ń kọ́ṣẹ́ mẹkáníìkì, tí àwọn òbí rẹ̀ kò sí ní ìlú, bẹ̀rẹ̀ sí í jáde kí ìsìn tó parí. Ó pẹ́ kí n tó mọ̀ pé okùn kan náà ni gbogbo wọn so mọ́. Ìyá yìí ni ó máa ń yà ní ilé Màmá láàárọ̀ ọjọ́ Ìsinmi láti fà á lọ́wọ́ wá. Àárín àwọn obìnrin méjèèjì ni ó máa ń jókòó sí, ọ̀rọ̀ tí èyí kò lè sọ fún ìyẹn, ẹnu rẹ̀ ló ń gbà kọjá. Ilé rẹ̀ ni ọmọkùnrin náà ti ń jẹun ọ̀sán lẹ́yìn ìsìn. Nínú ìwé ìforúkọsílẹ̀, ènìyàn kan ṣoṣo ló dín. Nínú ìjọ, okùn mẹ́rin ló já, kò sì sí èyí tí ó wà lákọsílẹ̀ níbì kankan nínú wọn.

Èyí ni ó mú kí àwùjọ tó sún mọ́ra yàtọ̀ sí èrò ọjà. Bí ẹnìkan kò bá wá sí ọjà, ìsọ̀ rẹ̀ ló ti, ọjà ń ná. Ṣùgbọ́n nínú agbo ilé, àti nínú ìjọ tó bá jẹ́ ìjọ ní tòótọ́, ara ẹnìkan ni ẹlòmíràn ń gbà dé ọ̀dọ̀ ẹlòmíràn. Nígbà tí Pọ́ọ̀lù pe ìjọ ní ara, tí ó ní bí ẹ̀yà kan bá ń jìyà, gbogbo ẹ̀yà ló ń bá a jìyà, bí ara ṣe ń ṣiṣẹ́ ni ó ń sọ. Kò sọ ọ́ láti fi dá wa lára yá.

Ìtàn tí a wá fi sí àga ìyá yìí ni pé ó bínú. Ní ọ̀sẹ̀ tó ṣáájú àkókò tí a kò rí i mọ́, ẹnìkan ti bá a sọ̀rọ̀ líle ní ìpàdé àwọn òṣìṣẹ́. Gbogbo wa gbà pé ìdí nìyẹn. Èmi náà gbà bẹ́ẹ̀. Mo tilẹ̀ wàásù ní ọjọ́ Ìsinmi kan lórí àwọn tí inú máa ń tètè bí nínú ilé Ọlọ́run, gbogbo ìjọ sì mọ ẹni tí mo ń bá wí. Òtítọ́ ọ̀rọ̀ náà, n óò padà sí i.

Nígbà tí Mósè pẹ́ lórí òkè

Ẹ̀rí tó lágbára jù nínú Májẹ̀mú Láéláé lórí ọ̀rọ̀ yìí ni Ẹ́kísódù 32. A máa ń ka orí náà gẹ́gẹ́ bí ẹ̀kọ́ lórí ìbọ̀rìṣà, bẹ́ẹ̀ ni ó sì rí. Ṣùgbọ́n ẹ wo bí ó ti bẹ̀rẹ̀. Àwọn ènìyàn rí i pé Mósè pẹ́ kí ó tó sọ̀kalẹ̀. Wọ́n kó ara wọn jọ sọ́dọ̀ Árónì, wọ́n ní kí ó ṣe òrìṣà fún wọn tí yóò máa lọ níwájú wọn, nítorí pé ọkùnrin tó mú wọn jáde kúrò ní Íjíbítì, àwọn kò mọ ohun tó ṣe é. Kí wọ́n tó dé ìdí wúrà, àìmọ̀ yẹn ti wà nílẹ̀.

Ṣé Mósè kò ṣètò kí ó tó lọ ni? Ó ṣètò. Orí 24 ẹsẹ 14 fi hàn pé ó ní kí àwọn alàgbà dúró de òun, ó sì fi Árónì àti Húrì tì wọ́n, kí ẹnikẹ́ni tó bá ní ọ̀ràn lè tọ̀ wọ́n lọ. Ó sọ ẹni tí wọn yóò lọ bá, ṣùgbọ́n a kò rí i pé ó sọ iye ọjọ́ tí yóò lò. (N kò sọ èyí láti dá Mósè lẹ́bi, kò sí ohun tó fi hàn pé òun fúnra rẹ̀ mọ̀.) Ọ̀sán 40 àti òru 40 ni ó lò níbẹ̀. Nígbà tí a bá fi dé orí 32, a kò gbúròó Húrì mọ́. Árónì nìkan ni a rí, Árónì kò sì lè jókòó ti àyè tó ṣófo náà pẹ̀lú àwọn ènìyàn kí wọ́n jọ dúró. Ó yá a láti dí i. Ère ọmọ màlúù yẹn dí àyè méjì lẹ́ẹ̀kan náà: ó dí àyè Ọlọ́run, ó sì dí àyè ẹni tó ń lọ níwájú wọn.

Ẹ̀yin tí a óò máa gbé láti ìjọ kan sí òmíràn, ẹ rántí orí yìí ní ọjọ́ tí lẹ́tà ìṣípòpadà yín bá dé. Nínú ọ̀pọ̀ ìjọ wa, olùṣọ́-àgùntàn ti kó ẹrù rẹ̀ tán kí àwọn ọmọ ìjọ tó gbọ́. Kí ọ̀sẹ̀ tó yí po, ìtàn ti di mẹ́ta: wọ́n ní ó kówó jẹ, wọ́n ní ó bá àwọn alàgbà jà, wọ́n ní àwọn aláṣẹ ń jowú rẹ̀. Èmi kò gbà pé ọ̀nà tó dára ni. Mo mọ ìdí tí àwọn aláṣẹ fi ń ṣe é. Wọ́n ń bẹ̀rù kí ìjọ má baà pín. Ṣùgbọ́n ìdákẹ́jẹ́ kì í dí ìpínyà lọ́nà. Nínú rẹ̀ ni ìpínyà ti ń rí oúnjẹ jẹ.

Òru tí Pọ́ọ̀lù kúrò ní Tẹsalóníkà

Ibi tí mo ti rí ẹ̀kọ́ yìí ní kíkún jù lọ ni ìwé kìn-ín-ní tí Pọ́ọ̀lù kọ sí àwọn ará Tẹsalóníkà. Ọ̀pọ̀ nínú wa kì í ṣí ìwé náà àfi níbi ìsìnkú tàbí nígbà tí a bá ń kọ́ni ní ẹ̀kọ́ ìgbàsókè. Bẹ́ẹ̀, láti orí 2 ẹsẹ 17 títí dé ìparí orí 3, ọ̀rọ̀ àìsí nílé ni ó ń sọ láìdánu dúró.

Ìṣe àwọn Àpọ́sítélì 17 ló fún wa ní ìtàn náà. Pọ́ọ̀lù àti Sílà wá láti Fílípì, níbi tí a ti nà wọ́n tí a sì fi wọ́n sẹ́wọ̀n. Wọ́n gba Áńfípólì àti Apolóníà kọjá, lójú ọ̀nà ńlá tí àwọn ará Róòmù là, èyí tí a ń pè ní Via Egnatia. Fún ọjọ́ Ìsinmi mẹ́ta ni Pọ́ọ̀lù fi bá wọn fèrò wérò láti inú Ìwé Mímọ́ ní sínágọ́gù. Àwọn kan gbàgbọ́, àwọn Gíríìkì olùfọkànsìn púpọ̀, àti àwọn obìnrin ọlọ́lá tí kì í ṣe díẹ̀. Lẹ́yìn náà ni ìlú dàrú. Àwọn jàǹdùkú kọlu ilé Jásónì. Nígbà tí wọn kò rí Pọ́ọ̀lù, Jásónì fúnra rẹ̀ àti àwọn arákùnrin kan ni wọ́n wọ́ lọ síwájú àwọn aláṣẹ ìlú. A gba ìdógò lọ́wọ́ wọn kí a tó dá wọn sílẹ̀. Ní òru ọjọ́ náà gan-an, àwọn ará rán Pọ́ọ̀lù àti Sílà lọ sí Bèríà.

Ẹ jẹ́ kí a dúró díẹ̀ lórí òwúrọ̀ tó tẹ̀lé òru yẹn. Ìjọ tí ọjọ́ orí rẹ̀ kò tíì tó nǹkan jí, oníwàásù ti lọ. Owó Jásónì wà lọ́wọ́ ìjọba. Àwọn aládùúgbò ń wò wọ́n. Ní àwọn ìlú Gíríìkì ayé ìgbà náà, àwọn elọ́rọ̀ dídùn tí ń ti ìlú dé ìlú, tí ń gba owó tí wọ́n sì ń bá tiwọn lọ, kì í ṣe tuntun. Ìtàn tí a lè fi sí àga Pọ́ọ̀lù ti wà ní sẹpẹ́: gbájúẹ̀ ni, ó ti jẹun yó, ó ti sá. Ní orí 2, Pọ́ọ̀lù rán wọn létí pé òun kò wá pẹ̀lú ẹ̀tàn, pé òun kò fi ọ̀rọ̀ ìpọ́nni wá ojúkòkòrò bojú, pé tọ̀sán-tòru ni òun fi ọwọ́ ara òun ṣiṣẹ́ kí òun má baà di ẹrù ru ẹnikẹ́ni. Àwọn onímọ̀ kò fohùn ṣọ̀kan bóyá àwọn ọ̀tá kan ń sọ bẹ́ẹ̀ nípa rẹ̀ ní tòótọ́, tàbí pé ó kàn ń fi ara rẹ̀ ṣe àpẹẹrẹ fún wọn. Lójú tèmi, bí kò bá tilẹ̀ tíì sí ẹni tó sọ ọ́, Pọ́ọ̀lù mọ̀ pé ó rọrùn láti sọ nípa ẹni tí kò sí nílé.

Nígbà tí ó wá dé ẹsẹ 17, ó lo ọ̀rọ̀ kan tí kò sí níbòmíràn nínú Májẹ̀mú Titun: aporphanisthentes. Ẹ ó rí orphanos nínú rẹ̀, ọmọ òrukàn. Ìtumọ̀ tó bá sọ pé a yà wá kúrò lọ́dọ̀ yín kò ṣìnà, ṣùgbọ́n omijé inú ọ̀rọ̀ náà ti gbẹ kí ó tó dé etí wa. Ohun tí ó ń sọ ni pé a sọ wá di òrukàn nígbà tí a mú wa kúrò lọ́dọ̀ yín, ní ti ojú, kì í ṣe ní ti ọkàn. Ó yani lẹ́nu. Ní ẹsẹ 7, ó fi ara rẹ̀ wé abiyamọ tó ń kẹ́ ọmọ. Ní ẹsẹ 11, ó fi ara rẹ̀ wé baba. Ní ẹsẹ 17, ìyá náà, baba náà, òun ló wá di ọmọ òrukàn. Àwa òjíṣẹ́ a máa sọ pé ìjọ pàdánù wa. Ó ṣọ̀wọ́n kí ẹnìkan nínú wa jẹ́wọ́ pé òun náà ń sunkún ìjọ tí òun fi sílẹ̀.

Kí ni Pọ́ọ̀lù ṣe? Kò dúró kí ìtàn tó dé etí òun. Nígbà tí kò lè mú un mọ́ra mọ́, ó gbà kí a fi òun nìkan sílẹ̀ ní Áténì, ó sì rán Tímótì padà. Ojú ọ̀nà òde òní láti Áténì sí Tẹsalóníkà tó nǹkan bíi 500 kìlómítà. Ẹni tó wúlò fún un jù ni ó rán, ní ìlú tí ó ti jẹ́ àlejò. Láti wo ọgbẹ́ àìsí rẹ̀ ní ọ̀dọ̀ wọn, ó fa àìsí mìíràn wá sọ́dọ̀ ara rẹ̀. Iye tí ó ná an nìyẹn, kò sì fi ohun tó rọrùn rọ́pò rẹ̀. Kò rán ìkíni lásán.

Iṣẹ́ méjì ni Tímótì lọ ṣe, gẹ́gẹ́ bí orí 3 ti wí: láti fi ẹsẹ̀ wọn múlẹ̀, àti láti mọ bí ìgbàgbọ́ wọn ti rí. Nígbà tí ó padà, ìròyìn tí ó mú wá dùn mọ́ Pọ́ọ̀lù débi pé ọ̀rọ̀ ìṣe tí ó máa ń lò fún wíwàásù ìyìn rere ni ó lò fún un ní ẹsẹ 6. Kí ló wà nínú ìyìn rere Tímótì yìí? Ìgbàgbọ́ wọn, ìfẹ́ wọn, àti pé wọ́n ń rántí Pọ́ọ̀lù sí rere nígbà gbogbo, wọ́n ń fẹ́ láti rí i gẹ́gẹ́ bí òun náà ti ń fẹ́ láti rí wọn. Àga náà kò tíì bọ́ sọ́wọ́ ìtàn burúkú. Àpọ́sítélì tí kò bẹ̀rù pàṣán kò tijú láti sọ pé èyí dá ẹ̀mí òun padà: ní ẹsẹ 8, ó ní òun yè nísinsìnyí bí wọ́n bá dúró ṣinṣin nínú Olúwa.

Kọ́ríńtì ni Tímótì ti bá a, gẹ́gẹ́ bí Ìṣe 18 ti fi hàn. Òkúta tí a kọ̀wé sí, tí a rí ní Dẹ́lífì, ran àwọn onímọ̀ lọ́wọ́ láti mọ̀ pé ní nǹkan bí ọdún 51 sí 52 ni Gálíò ṣe gómìnà níbẹ̀, nítorí náà ni wọ́n ṣe gbà pé ní nǹkan bí ọdún 50 tàbí 51 ni a kọ ìwé yìí. Ó wà lára àwọn ìwé tó pẹ́ jù nínú Májẹ̀mú Titun. Ohun tó bí i ni pé ẹnìkan kò sí nílé.

Àwọn tó ti sùn

Àìsí kejì wà nínú ìwé náà, òun ni a mọ̀ jù tí a sì lóye kéré jù. Lẹ́yìn tí Pọ́ọ̀lù lọ, àwọn kan nínú ìjọ kú. Àwọn tó kù ń dààmú nípa wọn. Wọ́n ń retí Olúwa. Àwọn tó kú kò ní sí níbẹ̀ ní ọjọ́ tí yóò dé. Ṣé wọ́n ti pàdánù rẹ̀ ni? Orí 4 láti ẹsẹ 13 ni ìdáhùn. Pọ́ọ̀lù kò ní kí wọ́n má ṣọ̀fọ̀; ó ní kí wọ́n má ṣọ̀fọ̀ bí àwọn tí kò ní ìrètí. Lẹ́yìn náà ó ní àwọn òkú nínú Kírísítì ni yóò kọ́kọ́ jíǹde, a ó sì gbé àwa tó kù lọ pa pọ̀ pẹ̀lú wọn. Nínú èdè Gíríìkì, hama syn autois ni ó kọ. Hama ti sọ pé lápapọ̀, syn sì tún sọ pé pẹ̀lú. Kò fẹ́ kí ẹnikẹ́ni ṣi òun gbọ́. Àwa ti jẹ́ kí ariwo kàkàkí gba gbogbo ìwàásù wa lórí orí yìí, a sì máa ń fi àwọn tí a óò fi sílẹ̀ dẹ́rù ba ènìyàn. Ọ̀rọ̀ àwọn tí ìjọ náà kò rí mọ́ ni Pọ́ọ̀lù ń sọ, pé àga wọn kò kúrò nídìí oúnjẹ.

Ẹ fi èyí wé ohun tó ṣẹlẹ̀ ní Jerúsálẹ́mù. Nígbà tí Júdásì bọ́ kúrò, Pétérù dìde láàrin ènìyàn bí 120, ó dárúkọ Júdásì, ó sọ ohun tí ó ṣe, ó sì rán wọn létí pé a ti kà á mọ́ wọn rí, ó sì ní ìpín nínú iṣẹ́ ìránṣẹ́ yìí. Wọ́n gbàdúrà, wọ́n ṣẹ́ kèké, Mátíásì sì gba àyè náà. Ṣùgbọ́n nígbà tí Hérọ́dù fi idà pa Jákọ́bù arákùnrin Jòhánù ní Ìṣe 12, a kò rí i kà pé wọ́n yan ẹnikẹ́ni rọ́pò rẹ̀. Mo gbà pé ìdí kan wà. Júdásì fi àyè rẹ̀ sílẹ̀. Jákọ́bù kò fi tirẹ̀ sílẹ̀. Ó kàn ti ṣáájú lọ ni. Ìjọ àkọ́kọ́ mọ àga tó yẹ kí a fi ẹlòmíràn sí, wọ́n sì mọ èyí tó yẹ kí a fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Àwa kì í sábà dúró béèrè.

Míríámù lẹ́yìn ibùdó

Ẹni tí a fi sábẹ́ ìbáwí ńkọ́? Ní Númérì 12, Míríámù ṣẹ̀, ẹ̀tẹ̀ bò ó, a sì sé e mọ́ ẹ̀yìn ibùdó fún ọjọ́ méje. Ẹsẹ 15 fi gbólóhùn kékeré kan kún un: àwọn ènìyàn kò ṣí kúrò níbẹ̀ títí a fi mú un wọlé padà. Odindi orílẹ̀-èdè, pẹ̀lú àgọ́ àti ẹran ọ̀sìn àti ọmọ wẹ́wẹ́, dúró de obìnrin kan tó jẹ̀bi. Kò sí ẹni tó lè sọ pé a kò mọ ohun tó ṣe é. Wọ́n mọ ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀, wọ́n mọ iye ọjọ́ tó kù, àyè rẹ̀ sì ń dúró dè é. Nínú ọ̀pọ̀ ìjọ wa, a mọ bí a ṣe ń ka ìbáwí sétí ìjọ. Ọjọ́ tí yóò parí ni a kì í kà, nígbà tí ó bá sì pé, agọ̀ ti ṣí.

Ọ̀rọ̀ àwọn tó lọ sí òkè òkun kò yẹ kí n gbójú fò dá, nítorí kò sí ìjọ tí kò dé. A gbàdúrà fún wọn, a da òróró sí wọn lórí, wọ́n lọ. Orúkọ wọn ṣì wà lórí WhatsApp ẹgbẹ́ akọrin, ìdámẹ́wàá wọn ṣì ń wọlé, nítorí náà kò sí ẹni tó sọ pé wọn kò sí. Àwọn Yorùbá ní ọmọ ẹni kú yá ju ọmọ ẹni nù lọ. Ẹni tó kú, a ó sunkún rẹ̀, a ó sin ín. Ẹni tí kò kú tí kò sì sí, ìjọ kì í rí ọjọ́ tí yóò sunkún rẹ̀. Mo ti rí ẹgbẹ́ akọrin tó sọ ohùn rẹ̀ nù láàrin ọdún méjì, tí ẹnikẹ́ni kò sì sọ ọ́ jáde rí nínú àdúrà pé a ṣàárò àwọn ènìyàn wa.

Mo ti ní n óò padà sí ọ̀rọ̀ ìyá yẹn. Ní ọ̀sẹ̀ keje, mo lọ bẹ Màmá wò, ẹni tí kò ríran dáadáa. Mo rò pé àìsàn ló dè é mọ́lẹ̀. Bí ó ti gbọ́ ohùn mi ni ó ní, “Pásítọ̀, ẹ káàbọ̀. Mo ti ń retí yín. Iṣẹ́ kan wà lọ́wọ́ mi tí wọ́n ní kí n jẹ́ fún yín.” Ìdájí ọjọ́ kan ni wọ́n ti pe ìyá náà láti abúlé wọn pé àrùn rọpárọsẹ̀ ti kọlu bàbá rẹ̀. Kí ó tó wọ ọkọ̀, ó yà lọ́dọ̀ Màmá, ó ní kí Màmá bá òun sọ fún Pásítọ̀ ní ọjọ́ Ìsinmi, kí wọ́n sì bá òun gbàdúrà. Ṣùgbọ́n òun ni ó máa ń fa Màmá lọ́wọ́ wá. Fún ọ̀sẹ̀ méje, òtítọ́ ọ̀rọ̀ náà jókòó sínú yàrá kan tí kò ju ìrìn ìṣẹ́jú mẹ́wàá lọ sí ilé ìjọsìn, èmi sì ń wàásù lórí ìbínú.

Mo lọ sí abúlé náà ní ọ̀sẹ̀ yẹn. Ní ọjọ́ Ìsinmi tó tẹ̀lé e, mo sọ fún ìjọ láti orí pẹpẹ kan náà pé èmi ni mo ṣìnà, mo sì sọ ibi tí ó wà àti ìdí tí ó fi wà níbẹ̀. Oṣù mẹ́rin ni ó lò kí ó tó padà, lẹ́yìn tí wọ́n ti sin bàbá rẹ̀. Arábìnrin tí mo fi rọ́pò rẹ̀ gbé kọ́kọ́rọ́ yàrá àwọn ọmọ wá fún un, ó fi orúnkún méjèèjì kúnlẹ̀. Kò gbà á. Ó ní kí ó máa kọ́ wọn lọ, pé ó ti mọ̀ wọ́n, àwọn náà ti mọ̀ ọ́n. Ó fa Màmá lọ́wọ́ lọ síwájú, ó sì padà sí ìlà kẹta, sí àárín àwọn obìnrin méjèèjì. Wọ́n ti kó báàgì wọn sórí ìjókòó náà láti ìgbà tí ó ti lọ. Ọ̀kan mú tirẹ̀ kúrò, ìkejì náà mú tirẹ̀.